Kí Ẹnikẹ́ni Má Fi Ọkọ́ Kàn Án

Láàárọ̀ ọjọ́ Ẹtì, aláago ti jókòó sẹ́nu ọ̀nà ọ́fíìsì agbẹjọ́rò kí akọ̀wé tó wá ṣílẹ̀kùn. Ọgbọ̀n ọdún ló ti ń tún aago ṣe, irin tín-ín-rín kan kì í bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Lọ́jọ́ yìí, ife omi tí wọ́n gbé fún un ń dà sí i lára. Ẹ̀rù ń bà á, kò sì fi pa mọ́.

"Ọjọ́ Ajé ni wọ́n ń bọ̀," ló wí. "Ọmọ onígbàjámọ̀ tó múlé tì mí ti háyà òṣìṣẹ́ mẹ́fà. Wọ́n fẹ́ gbẹ́ ìpìlẹ̀ sórí ilẹ̀ tó wà láàárín ilé wa. Bí wọ́n bá fi lè gbẹ́ ẹ, mo gbé."

"Ẹ fọkàn balẹ̀, bàbá." Obìnrin ni agbẹjọ́rò náà, kò tíì pé ogójì ọdún, ó sì ti mú bírò dání. "Onígbàjámọ̀ fúnra rẹ̀ ńkọ́? Ìgbà wo lẹ rí i kẹ́yìn?"

"Ọjọ́ tá a jà. Ó di ọjọ́ méjìdínlógún lónìí."

"Níbo?"

"Lórí ilẹ̀ yẹn náà ni. Ó la ṣọ́bìrì mọ́ mi léjìká." Ó ká aṣọ kúrò léjìká. Ọgbẹ́ náà ti ń jinná.

"Kò sì tíì fi yín lọ́rùn sílẹ̀?"

"Kò fi mí sílẹ̀. Mò ń gbọ́ ikọ́ rẹ̀ níbẹ̀ lójoojúmọ́. Bí mo bá ń jẹun, mò ń gbọ́ ọ. N kì í ṣí fèrèsé ẹ̀gbẹ́ yẹn mọ́."

Agbẹjọ́rò mi orí, ó kọ ọ́ sílẹ̀ pé olùjẹ́jọ́ ń ṣọ́ bàbá náà kiri.

Nígbà tó di ọ̀sán, wọ́n dé iwájú adájọ́. Wọ́n ti ránṣẹ́ sílé onígbàjámọ̀, òun kò wá, ìyàwó rẹ̀ ló dìde.

"Olúwa mi, bínú bá ti bí ọkọ mi báyìí, ilé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló ń sá lọ. Ó ti lo oṣù méjì níbẹ̀ rí, kò ránṣẹ́ sí wa." Ó yíjú sí aláago. "Bàbá, bí a bá ń jà, bí í ká kú kọ́. Ṣebí ẹ̀yin méjèèjì lẹ jọ ń ṣeré. Ẹ jẹ́ ká parí ẹ̀ nílé."

Aláago kò lè wò ó lójú. Omi bọ́ lójú rẹ̀, ó fẹ̀yìn ọwọ́ nù ún. Adájọ́ rí i, àánú sì ṣe é, ó gbà sí ọlọ́pàá tí agbẹjọ́rò bèèrè fún.

"Níbo lẹ fẹ́ kí ọlọ́pàá dúró sí? Ẹnu ọ̀nà yín?"

"Rárá o, Olúwa mi. Orí ilẹ̀ náà ni kí wọ́n dúró sí. Kò sóhun tẹ́nìkan fẹ́ wá gbà nílé mi."

Adájọ́ pàṣẹ pé kí ọlọ́pàá máa ṣọ́ ilẹ̀ náà tọ̀sán-tòru, kí ẹnikẹ́ni má sì fi ọkọ́ kàn án títí ẹjọ́ yóò fi parí. Ẹjọ́ ilẹ̀, ẹ kúkú mọ̀ ọ́n: ọmọ tí wọ́n bí lọ́jọ́ tó bẹ̀rẹ̀ lè gbéyàwó kó tó parí.

Láàárọ̀ ọjọ́ Ajé, ọmọ onígbàjámọ̀ kó àwọn òṣìṣẹ́ dé, tàwọn ti dígà léjìká. Ọlọ́pàá na ìwé sí i. Ó kà á lẹ́ẹ̀mejì, ó pòṣé, ó kó wọn padà.

Ara tu aláago. Ó gbé àga jáde fún ọlọ́pàá náà, ó ní kó jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri.

"Oòrùn wà níbẹ̀, bàbá. Ọ̀hún yẹn ni ìbòòji wà. Ilẹ̀ ibẹ̀ sì rọ̀."

Aláago di ẹ̀yìn àga náà mú.

Ọlọ́pàá fa àga lọ sábẹ́ ìbòòji, ó bọ́ fìlà, ó sì na ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì tàwọn ti bàtà sókè àyà onígbàjámọ̀, níbi tí aláago fúnra rẹ̀ sin ín sí lọ́jọ́ tí wọ́n jà.