Ọmọ Ọlọ́mọ Lẹ́yìn Ìyá Ẹlẹ́ja

Kò sí ẹni tí kò mọ Dókítà Dáramọ́lá ní Àpápá. Dókítà àwọn ọmọdé ni. Ogún ọdún ó lé ni ó ti ń tọ́jú wọn, bó sì ṣe ń tọ́jú ikọ́ ọmọ ọwọ́ ni ọ̀pọ̀ ọsibítù ń ṣe é báyìí. Ní gbogbo Ọjọ́bọ̀, ọ̀fẹ́ ni fún àwọn ọmọ Ajégúnlẹ̀. Lórí rédíò, ohun kan náà ló máa ń sọ: ìyá òun kú síbi tó ti ń bí òun, ìdí nìyẹn tí òun fi yan iṣẹ́ yìí. Àwọn tó bá gbọ́ a sunkún, àwọn ọlọ́lá a sì fi oògùn ránṣẹ́. Ní báyìí, ìjọba ti pè é sí Abuja. Ọjọ́bọ̀ tó kẹ́yìn rèé.

Ìyá Ẹlẹ́ja ló kọ́kọ́ dé. Ó ń yan ẹja ní Marine Beach. Kò sí orúkọ ọmọ tí wọ́n lè fi pè é, ni wọ́n bá ń fi ẹja pè é. Ó ti fi ọṣẹ wẹ èéfín kúrò lára, ó ró ìró tuntun. Ebube, ọmọ aládùúgbò rẹ̀, ló pọ̀n. Nwakaego tó bí ọmọ náà ń ta ìrẹsì fún àwọn awakọ̀ tírélà ní Creek Road, kò ráyè wá tò sórí ìlà. Ikọ́ ń ṣe ọmọ náà lóòótọ́.

"Ìyá, ẹ lọ sí yàrá kejì," Nọ́ọ̀sì Amaka wí. "Dókítà kékeré wà níbẹ̀, kò sí èrò."

"O ṣé, ọmọ mi. Dókítà àgbà ni mo fẹ́ rí."

"Nítorí ikọ́? Oògùn kan náà ni àwọn méjèèjì máa kọ."

"Bó jẹ́ omi ló máa kọ, jẹ́ kó fọwọ́ ara rẹ̀ kọ ọ́. Ọ̀la ló ń lọ. Bí mi ò bá rí i lónìí, mi ò tún ní rí i mọ́."

"Ẹ kúkú fẹ́ ẹ," obìnrin kan wí lẹ́yìn. Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín. Ìyá Ẹlẹ́ja náà rẹ́rìn-ín.

Amaka wọlé lọ sọ fún dókítà pé ìyá ẹlẹ́ja ti tún dé. Ó pẹ́ kó tó jáde. Ìwé ńlá tí wọ́n ń kọ orúkọ sí wà lọ́wọ́ rẹ̀.

"Dókítà ní kí n yẹ ìwé wò. Ìyá, oṣù tó kọjá, Diepreye lẹ gbé wá. Ṣáájú rẹ̀, Ovie. Ọmọ mẹ́sàn-án rèé, ìyá ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀. Èwo ni ọmọ-ọmọ yín níbẹ̀?"

"Kò sí. Àwọn ìyá wọn ló ń gbé wọn fún mi."

Obìnrin kan fa ọmọ tirẹ̀ mọ́ra. Ẹnì kan rọra pe gbọ́mọgbọ́mọ, ẹlòmíràn pariwo rẹ̀. Wọ́n tú ọ̀já, wọ́n gba Ebube, ìró tuntun náà ya. Ìyá Ẹlẹ́ja ní kí wọ́n pe Nwakaego. Fóònù Nwakaego kò wọlé.

Dókítà Dáramọ́lá jáde sí wọn.

"Ṣé ẹ mọ̀ ọ́n, sà?" Amaka bi í.

"Mo máa ń rí i láàárín èrò. Mi ò mọ̀ ọ́n. Ẹ pe ọlọ́pàá. Ẹ má nà án níbí, àwọn oníròyìn ń bọ̀."

Ọlọ́pàá tó dé, Okechukwu, kì í ṣe ọ̀dájú. Ó bẹ̀rẹ̀ síwájú ìyá náà.

"Màmá, àwọn obìnrin yìí ti ń ṣa òkúta lẹ́nu géètì. Ẹ dárúkọ ọmọ yín kan péré tó lè dúró fún yín, mo máa fi yín lé e lọ́wọ́ báyìí. Ṣé ẹ bímọ rí?"

Ìyá Ẹlẹ́ja gbójú sókè wo ọmọ kan ṣoṣo tó bí láyé, ó wọ aṣọ funfun dókítà, ó ń wo aago ọwọ́ rẹ̀, ìyá náà sì dá ọlọ́pàá lóhùn pé òun kò bímọ rí.