Omi Kò Gbọdọ̀ Wọ́

Ẹ bá mi kí ìjọba wa kú iṣẹ́: wọ́n ti tún gbogbo ọ̀nà wíwọ́ ṣe tán, ó wá ku omi. Láàárọ̀ yìí, Ọ̀gbẹ́ni Fáṣakin, wolé-wolé àdúgbò, ki ẹ̀rọ ayẹmiwò bọ inú korobá omi mi.

"Ìyá Fọlágbadé, apá méjèèjì mólékù, ẹyọ tín-ńtìn-tín inú omi yín, ṣì tẹ̀ sí igun! Òfin ní kí wọ́n nà gbọnrangandan."

"Ẹ jọ̀ọ́ sà, igun yẹn ló jẹ́ kí àwọn mólékù máa fa ara wọn mọ́ra, kí omi má baà fò lọ. Ara ọmọ mi gbóná, mo fẹ́ fi wẹ̀ ẹ́ ni."

"Ṣé ẹ gbọ́n ju ìjọba lọ ni?"

Ó tẹ bọ́tìnnì. Omi nà lóòótọ́, ó sì bá fèrèsé jáde bí afẹ́fẹ́. Fáṣakin lẹ "Ó yege" mọ́ korobá gbígbẹ, ó nu òógùn ojú.

"Ìyá, ẹ fún mi lómi mu."