Ẹni Tí Kì Í Dákẹ́

Akẹ́kọ̀ọ́ kan tó ń gbá bọ́ọ̀lù agbọ̀n ju bọ́ọ̀lù ọ̀fẹ́ àkọ́kọ́ sókè, kò wọ àwọ̀n. Ó ku ẹyọ kan tó lè jù. Bí èyí náà bá tàsé, sáà ìdíje yìí parí fún yunifásítì rẹ̀ nìyẹn.

Àwọn èrò ìwòran pa lọ́lọ́, kí ọmọ ilé wọn lè fọkàn sí i. Láyé bàbá rẹ̀, bàbá náà nìkan ni kì í dákẹ́. Á fi ọmọ rẹ̀ ṣẹ̀fẹ̀, á lọgun pé, "Ọlọ́wọ́ igi, jù ú wọlé!" Ìyá akẹ́kọ̀ọ́ náà á fa ọkọ rẹ̀ láṣọ: "Jókòó jàre, Delbert! Ojú ń tì mí."

Wọ́n sin Delbert nígbà tí yìnyín ìgbà òtútù bẹ̀rẹ̀ sí í já bọ́. Látìgbà náà, bí èrò bá ti dákẹ́ báyìí, á máa ṣe ọmọ rẹ̀ bíi pé òun nìkan ló kù láyé.

"Ọlọ́wọ́ igi!"

Ó bojú wẹ̀yìn. Ìyá rẹ̀ ti gorí àga bàbá rẹ̀.

"Kí lò ń wò? Jù ú wọlé!"