Òróró Ìyá Onídà

Bouraïma ní ilé fíìmù kan ní àdúgbò Houinmè. Fíìmù ìjà láti Jàpáànù ló máa ń fi hàn. Sakinath ló máa ń di míkírò mú, tí yóò máa fi èdè Nàgó sọ ohun tí wọ́n ń wí. Ó ní inú ọkọ̀ ojú omi àwọn ará Jàpáànù ni bàbá òun ti ṣe alásè, ọ̀dọ̀ rẹ̀ lòun ti kọ́ èdè wọn. Bàbá náà kò kúrò ní Adjarra rí.

Lọ́jọ́ Sátidé kan, Bouraïma wọlé, ó ń làágùn.

"Sakinath, ẹni tó kọ fíìmù tòní, tó sì darí ẹ̀, wà nílùú yìí. Ó ń bọ̀ wá gbọ́ ẹ. Obìnrin ni."

"Obìnrin? Pẹ̀lú gbogbo idà yẹn?"

"Má yí ọ̀rọ̀ padà. Tó bá ní irọ́ lò ń pa, màá gba míkírò, wàá padà sídìí ẹ̀rọ ìlọta."

Obìnrin náà dé pẹ̀lú Ghislain, tó kàwé ní Jàpáànù, tó ń túmọ̀ fún un. Ẹ̀yà Gun ni Ghislain. Nàgó rẹ̀ máa ń rìn bí ẹni tó wọ bàtà ẹlòmíì.

"Ẹ kú fíìmù o," ó kí wọn. Wọ́n rẹ́rìn-ín.

Fíìmù bẹ̀rẹ̀. Ọmọbìnrin kan fa idà yọ nínú yìnyín, ó jágbe mọ́ ọkùnrin mẹ́fà. Sakinath gbé míkírò sẹ́nu.

"Ta ni nínú yín ló da òróró àkàrà ìyá mi nù?"

Ilé hó. Ghislain sọ ọ́ sí obìnrin náà létí. Obìnrin náà gbójú kúrò lára fíìmù, ó ń wo Sakinath. Ó nawọ́ sókè. Bouraïma dá fíìmù dúró.

"Ó ní kí ni wọ́n fi ń ṣe àkàrà," Ghislain wí.

"Ẹ̀wà," ni Sakinath dáhùn.

Obìnrin náà mi orí pé ó yé òun. Fíìmù tún bẹ̀rẹ̀, ó ń lọ títí idà fi padà sínú àkọ̀.

Bouraïma kò lè mú un mọ́ra. "Madámù, ṣé òótọ́ lohun tó ń sọ?"

Obìnrin náà ronú, ó fèsì. Ghislain wá Nàgó kiri.

"Ó ní ó ti di òótọ́."

"'Òótọ́ ni' là ń wí, Ghislain!" ẹnì kan kígbe láti ẹ̀yìn. Wọ́n tún rẹ́rìn-ín. Sakinath di míkírò rẹ̀ mú ṣinṣin.

Lọ́dún tó tẹ̀lé e, fíìmù tuntun obìnrin náà dé Houinmè, Bouraïma sì fi í hàn: lẹ́bàá ọ̀nà kan nínú yìnyín, ìyá àgbà kan tó wọ aṣọ Jàpáànù ń fi ṣíbí bu ẹ̀wà lílọ̀ sínú òróró gbígbóná, ọkùnrin mẹ́fà yẹn sì ń bọ̀ lọ́ọ̀ọ́kán.