Ìpè Lábẹ́ Ariwo Bílẹ́ńdà

"Ìyàwó."

Ìyàwó ilé pa bílẹ́ńdà, ó bojú wẹ̀yìn. Kò rí ẹnikẹ́ni lẹ́nu ọ̀nà. Ìbẹ́pẹ àti ọ̀pẹ òyìnbó tó rà lọ́jà Òkè-Àje ló ń lọ̀ fún ìyá ọkọ rẹ̀, nítorí eyín ti tán lẹ́nu Màmá, dókítà sì ti ka ṣúgà léèwọ̀ fún un. Ṣúgà ọ̀hún kò kúkú sí lọ́jà látìgbà tí àwọn sọ́jà ti gbàjọba.

Lọ́jọ́ tó wọlé ọkọ ni Màmá ti kìlọ̀ fún un: "Bí o bá gbọ́ ìpè nínú ilé yìí tí o ò rí ẹni tó pè ọ́, má jẹ́ ẹ. Òkú ló ń pè bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá dá a lóhùn á bá a lọ."

Ó tún tẹ bílẹ́ńdà. Ohùn náà tún gba abẹ́ ariwo rẹ̀ wá, ó ti rẹlẹ̀ ju ti àkọ́kọ́ lọ. Ìyàwó panu mọ́, ó fi ọ̀gẹ̀dẹ̀ kún un, ó lọ̀ ọ́ títí ó fi kúnná.

Ìgbà tó gbé abọ́ jáde ló bá Màmá nílẹ̀ ọ̀dẹ̀dẹ̀, tó nawọ́ sí ọ̀nà ilé ìdáná. Ó kúnlẹ̀, ó gbé etí lé imú rẹ̀. Kò mí mọ́.

"Ìyàwó."

Láti ilé ìdáná lẹ́yìn rẹ̀ ni ohùn Màmá ti wá, ó dún ketekete.

Ó gbé abọ́, ó dìde.

"Mà," ó ní. "Mò ń bọ̀, mà."