Ìgbẹ́jọ́ Láàárín Àfọ́kù Ìgò

"Kí ìjọba tó gba ìwé àṣẹ lọ́wọ́ oníṣọ́ọ̀bù kankan, a ó kọ́kọ́ gbọ́ tẹnu rẹ̀." Ìlérí tí Kọmíṣọ́nnà ṣe nìyẹn.

Àwọn agbófinró ti fi òòlù fọ́ ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù ọkùnrin kan tó ń ta oògùn òyìnbó. Ìgò oògùn ikọ́ ń fọ́ yángá lábẹ́ bàtà wọn.

"Ọ̀gá, kí ni mo ṣẹ̀?"

"Wàá gbọ́ níbi ìgbẹ́jọ́."

"Ìgbà wo ni ìgbẹ́jọ́ ọ̀hún?"

"Tá a bá fọ́ ọjà ẹ tán. Ẹnu ẹ yìí mà mú o!"

Agbófinró tó ń dá a lóhùn fi ìdí ìbọn gbá a lẹ́nu. Eyín dà sílẹ̀, àgbọ̀n rẹ̀ yẹ̀.

Kọmíṣọ́nnà wọlé, ó jókòó sórí àpótí kan. "Mo dé bí mo ṣe ṣèlérí. Ó yá, sọ tẹnu ẹ."

Ẹ̀jẹ̀ nìkan ló jáde lẹ́nu ọkùnrin náà.

Ìyàwó rẹ̀ kúnlẹ̀ sórí àfọ́kù ìgò. "Ọ̀gá, ẹ jẹ́ n bá a sọ ọ́!"

"Ìyá, ẹni tó ni ìwé àṣẹ nìkan lòfin mọ̀." Kọmíṣọ́nnà kọjú sí akọ̀wé tó bá a wá. "Kọ ọ́ pé a fún un láyè, kò rí nǹkan kan sọ."

Wọ́n gba ìwé àṣẹ náà. Wọn kò gbọ́ tẹnu rẹ̀.