Káàdì Méjì, Apá Kan

Ẹ má fò ó, ẹ má sì fi ránṣẹ́ sí ẹnikẹ́ni kí ẹ tó kà á délẹ̀. Bí aboyún bá wà nílé yín, òun ni kí ẹ kọ́kọ́ kà á fún.

1.
Lọ́dún tí kòrónà dé, aránṣọ kan wà ní Kàbbà tó ń jẹ́ Jùwáíríyà. Ìbòmú tó rán lọ́dún náà kò lóǹkà. Ó ti lóyún oṣù márùn-ún, lẹ́yìn ọdún mẹ́fà tó ti ń wá ọmọ. Ẹ fi ọdún mẹ́fà yẹn sọ́kàn.

Ikọ́ díẹ̀ ń ṣe é. Wọ́n sì ní aboyún tó bá wúkọ́ nílé ìwòsàn, Lọ́kọ́ja ni wọ́n ń gbé e lọ, wọ́n á tì í mọ́lé fún ọjọ́ mẹ́rìnlá. Ta ló rí i? Kò sẹ́ni tó rí i, a ṣáà gbọ́ ni. Bẹ́ẹ̀ sì rèé, ẹni tí káàdì ìtọ́jú oyún rẹ̀ kò bá pé, wọn kì í fẹ́ gbẹ̀bí rẹ̀. Kí ni kó wá ṣe?

2.
Ó pe Àmátúlláhì, ìyàwó àbúrò ọkọ rẹ̀. Òun náà lóyún, oyún àwọn méjèèjì kò fi ju ọ̀sẹ̀ mélòó kan lọ síra.

"Ìyàwó, bá mi mú káàdì mi lọ sílé ìwòsàn, kí wọ́n yẹ̀ ẹ́ wò lórúkọ mi. Gbogbo yín lẹ wọ ìbòmú. Ta ló mọ ojú ta?"

"Ìyálé mi, apá mi ni wọ́n máa fi wọn ìfúnpá ẹ̀jẹ̀ o."

"Apá kì í ṣe ojú."

Àmátúlláhì kò mọ bí wọ́n ṣe ń kọ̀ fún ìyálé. Lọ́jọ́ Àtàláátà, ó lọ fún ara rẹ̀. Lọ́jọ́ Àlàmísì, ó pààrọ̀ híjáàbù àti ìbòmú, ó tún mú káàdì Jùwáíríyà lọ. Bẹ́ẹ̀ ló ń ṣe lóṣooṣù.

3.
Nọ́ọ̀sì Tabitha, ọmọ Ìsánlú, di apá náà mú, ó ń wò ó, ó kí i bí àwọn ará Okun ṣe ń kí ara wọn.

"Okun o. Apá tẹ́ẹ́rẹ́ yìí kò ṣàjèjì sí mi. Ṣé ẹ ní àbúrò tó ń wá síbí?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà."

Nọ́ọ̀sì rẹ́rìn-ín, ó kọ ọ́ sílẹ̀ pé ara dá. Èrò pọ̀ níta.

4.
Nígbà tó pé oṣù méje, ẹsẹ̀ Jùwáíríyà wú. Ó fi àtàǹpàkò tẹ̀ ẹ́, ihò náà kò sì dí bọ̀rọ̀. Ó tún tẹ̀ ẹ́. Ó ya òun fúnra rẹ̀ lẹ́nu. Kí ló dé tí ti Àmátúlláhì kò wú? Orí ń fọ́ ọ, bó bá sì jókòó sídìí ẹ̀rọ ìránṣọ, ó ń rí ìràwọ̀ lọ́sàn-án gangan.

Ṣùháíbù ọkọ rẹ̀ ní, "Jẹ́ ká lọ sílé ìwòsàn."

Jùwáíríyà fa káàdì yọ. "Ẹ wò ó. Àlàmísì tó kọjá yìí ni wọ́n wọ̀n ọ́n. Wọ́n ní ó dára."

Àmátúlláhì wà lẹ́nu ọ̀nà. "Ìyálé mi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ ká lọ."

"Dákẹ́, ìyàwó."

Ẹ̀yin tí ẹ ń kà á, ṣé ẹ rí i? Díẹ̀díẹ̀ ló fi gba irọ́ ara rẹ̀ gbọ́. Àmátúlláhì sì dákẹ́ lóòótọ́.

5.
Ní àárọ̀ Jímọ̀, gìrì mú un sídìí ẹ̀rọ. Wọ́n gbé e dé ilé ìwòsàn, Tabitha fẹ́ wọn ìfúnpá rẹ̀, ṣùgbọ́n aṣọ tí wọ́n fi ń wọ̀n ọ́n kò ká apá tó wú náà. Ó wo káàdì, ó wo apá.

"Ta ni mo ti ń wọ̀n láti ọjọ́ yìí?"

Àmátúlláhì ṣí ìbòmú rẹ̀. "Èmi ni, mà."

Wọ́n ṣiṣẹ́ abẹ. Jùwáíríyà yè é. Ọmọbìnrin ni ọmọ náà, kò mí rárá.

Lóṣù kejì, Àmátúlláhì bímọ láyọ̀. Jùwáíríyà gbé káàdì tó ní orúkọ òun fúnra rẹ̀ wá síwájú ọmọ náà, ó ń kà á ní ìlà kọ̀ọ̀kan. Bí ọmọ ṣe ń dàgbà, bí ọkàn rẹ̀ ṣe ń lù, ti ọmọ Àmátúlláhì ni gbogbo rẹ̀. Nípa ọmọ tirẹ̀, wọn kò kọ ìlà kan.

Ẹ̀yin aboyún, ẹ̀yin ọkọ, àrùn yòówù kó wà níta, ẹ wọ ìbòmú, ẹ fọwọ́, ṣùgbọ́n ẹ fẹsẹ̀ ara yín lọ. Bí ẹsẹ̀ bá wú, tí orí ń fọ́, tí ojú ń rí ìràwọ̀, ẹ má dúró dọ̀la. Ẹ̀yin tí ẹ mọ òtítọ́, ẹ má torí ìyálé dákẹ́. Ẹni tó ń tan ara rẹ̀ jẹ ni òrìṣà òkè ń tàn jẹ.